Ìyá Mi àti Kásẹ́ẹ̀tì Ayédèrú

Ẹ̀rọ ìkọrin mi àkọ́kọ́ kì í ṣa oúnjẹ jẹ. Kásẹ́ẹ̀tì yòówù kí n kì bọ̀ ọ́ lẹ́nu, ojúlówó ni o, ayédèrú ni o, yóò kọ ọ́ wẹ́rẹ́. Ìgbà tí mo tà á tí mo ra tuntun olójú méjì, tó ń gba kásẹ́ẹ̀tì méjì, ni mo rí ẹ̀rọ tó ń ṣakọ. Ìyẹn kò gba gbẹ̀rẹ́.

Ìkórè ṣọ́ọ̀ṣì wa ní Iléṣà ló kù sí dẹ̀dẹ̀, èmi ni wọ́n sì ní kí n máa gbé orin sí i nínú ọgbà lẹ́yìn ìsìn. Ìyá mi, tó ń ta aṣọ àwìn kiri ìlú, ti sọ ọ́ tipẹ́ pé iṣẹ́ díìjéè kò yẹ ọmọbìnrin. Bí mo bá lọ dójú ti òun níwájú ìjọ, kí n yáa wá bá òun ru ẹrù aṣọ. Láàárọ̀ Sátidé, ó ní kí n fi orin tí òun fẹ́ràn jù sí i kí òun gbọ́. Mo tẹ̀ ẹ́. Akọrin bẹ̀rẹ̀ sí í ké bí ewúrẹ́ tí òjò pa.

"Níbo lo ti ra jágbajàgba yìí?"

"Òṣogbo ni, Mà. Ẹni tó tà á ní ojúlówó ni."

Ó ti ń wé gèlè. A wọ mọ́tò, ó di Òṣogbo.

Ọkùnrin tó ta kásẹ́ẹ̀tì náà fún mi ní ẹ̀rọ wa ló bàjẹ́. Ìyá mi kò bá a jà. Ó ká ìró rẹ̀ mọ́ra, ó lóṣòó sẹ́nu ọ̀nà ṣọ́ọ̀bù, bó ti máa ń ṣe fún ajẹgbèsè. Ọkùnrin náà sáré gbé àga wá.

"Ẹ dákun, Mà, ẹ jókòó."

"Mé è jókòó. Mé è sì lọ ulé. Ojúlówó ni mo wá gbà."

Gbogbo oníbàárà tó ń bọ̀ ló ń bi í pé kí ló dé, ó sì ń fara balẹ̀ ròyìn fún wọn. Wọ́n á gbọ́, wọ́n á pẹ̀yìn dà. Ẹ̀rín ń pa mí, àánú ìyá mi sì ń ṣe mí, nítorí mo mọ̀ pé orúnkún ń dùn ún. Nígbà tó yá, ọkùnrin náà fa ojúlówó yọ lábẹ́ tábìlì. Ibẹ̀ ló wà látàárọ̀!

Lọ́jọ́ ìkórè, orin náà jáde ketekete, ayọ̀ mi sì kún. Ìyá mi ló kọ́kọ́ bọ́ sójú agbo ijó. Orin náà parí, mo gbé òmíràn sí i, ìyá mi kò kúrò níbẹ̀. Àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ wá ń gbé àga tẹ̀ lé e.

"Ìyá Díìjéè, ẹ jókòó!"

"Mé è jókòó," ni ìyá mi wí.