Ilé Tí Bàbá Káfíńtà Ṣì Ń Gbé

Nígbà tí katakata ìjọba wó ilé Bàbá Káfíńtà láti la títì ńlá, ọmọ rẹ̀ obìnrin ló gbà á sọ́dọ̀. Onídìrí ni gbogbo àdúgbò ń pe ọmọ náà, nítorí iṣẹ́ irun dídì ló ń ṣe. Yàrá kan tó wà lẹ́yìn ṣọ́ọ̀bù rẹ̀ ló ń gbé. Ó fi bẹ́ẹ̀dì sílẹ̀ fún bàbá, òun wá ń sùn sórí bẹ́ńṣì tí àwọn oníbàárà ń jókòó lé.

Ìjọba ní orí ilẹ̀ ìjọba ni bàbá kọ́lé sí, pé páànù àti pákó nìkan làwọn máa san owó gbà-má-bínú lé lórí. Bàbá ní irọ́ gbáà ni, pé òun ra ilẹ̀ náà nígbà tí irun ṣì wà lórí òun. Ni bàbá àti ọmọ bá gba lọ́yà, wọ́n forí lé kóòtù.

Gbogbo àwọn tí ọ̀rọ̀ ilẹ̀ náà ṣojú wọn ti kú tán. Bàbá nìkan ló kù tó lè jẹ́rìí. Ẹ ò bá rí i lọ́jọ́ tó kọ́kọ́ wọ inú àpótí ẹlẹ́rìí! Ó to ọ̀rọ̀ náà bí ẹni to pákó: igun tí ilẹ̀ ti bẹ̀rẹ̀, àpáta tó jẹ́ ààlà, ẹni tó tà á, títí kan àwàdà tí ìyàwó ẹni náà ṣe. Lọ́yà ìjọba gbé e sọ́tùn-ún, ó gbé e sósì, bàbá ò yẹsẹ̀.

Bàbá dá a lóhùn pé, "Ọmọ mi, bó o bá fẹ́ kí n purọ́, o máa kọ́kọ́ kọ́ mi."

Adájọ́ pàápàá rẹ́rìn-ín. Inú Onídìrí dùn bí ẹni tó jẹ tẹ́tẹ́.

Àfi bí wọ́n ṣe gbé adájọ́ náà lọ sí kóòtù mìíràn kó tó dá ẹjọ́. Òjò rọ̀, ẹ̀ẹ̀rùn dé, òjò tún rọ̀. Nígbà tí adájọ́ tuntun máa dé, ó ní òun ò lè dá ẹjọ́ tí òun ò fetí ara òun gbọ́, kí wọ́n bẹ̀rẹ̀ látìbẹ̀rẹ̀.

"Lọ́yà, ohun tí bàbá mi sọ nígbà yẹn ńkọ́? Ṣebí wọ́n kọ ọ́ sílẹ̀?"

"Wọ́n kọ ọ́, àǹtí. Ṣùgbọ́n bí wọ́n ṣe ń ṣe é nìyẹn. Ẹ ṣáà tún mú bàbá wá."

Ẹ tún mú bàbá wá! Bàbá wo? Bàbá tó kù nílé ti ń pe ọmọ rẹ̀ lórúkọ ìyàwó rẹ̀ tó ti dolóògbé. Á fi àtẹ́lẹwọ́ wọn ilẹ̀kùn ṣọ́ọ̀bù, á ní kí wọ́n sọ fún ẹni tó ni ín kó wá gbé e, ó ti parí. Bí Onídìrí bá ń dirun fún èèyàn, á máa bi bàbá pé, "Bàbá mi, ọwọ́ ta lẹ ti ra ilẹ̀ yẹn?" Nígbà mìíràn, ìdáhùn á jáde geere. Nígbà mìíràn, bàbá á ní, "Ilẹ̀ wo?"

Lọ́jọ́ ẹjọ́, ojú bàbá dá ṣáká. Ó sọ bó ṣe ra ilẹ̀, kò gbàgbé ẹyọ ọ̀rọ̀ kan. Ọkàn Onídìrí ṣẹ̀ṣẹ̀ ń balẹ̀ ni lọ́yà ìjọba dìde, ohùn rẹ̀ rọ̀ bí òwú.

"Bàbá, ibo lẹ̀ ń gbé báyìí?"

"Inú ilé mi, orí ilẹ̀ mi. Ibẹ̀ la ti ń bọ̀ yìí. Ọmọ mi ló tilẹ̀kùn."

"Ìjọba ò wá wó o ni?"

Bàbá wò ó bí ẹni ń wo wèrè. "Ta ló máa wó ilé mi? Ṣebí mo wà níbẹ̀!"

Àwọn èèyàn bú sẹ́rìn-ín. Onídìrí fò dìde. "Olúwa mi, ara bàbá mi ò—"

Akọ̀wé kóòtù jágbe mọ́ ọn pé kó jókòó. Adájọ́ béèrè bóyá ìwé dókítà wà. Lọ́yà wọn wo Onídìrí, Onídìrí wolẹ̀. Kò sẹ́ni tó sọ fún un pé irú ìwé bẹ́ẹ̀ wúlò.

Nígbà tí ọjọ́ ìdájọ́ pé, Onídìrí mú bàbá dání, torí kò sẹ́ni tó máa fi í tì. Adájọ́ ní ẹni tí kò mọ̀ pé ilé òun ti wó, báwo lòun ṣe fẹ́ gba ohun tó sọ nípa ọjọ́ tó ra ilẹ̀ gbọ́? Owó páànù àti pákó ni kí wọ́n gbà.

Lọ́yà ní àwọn ṣì lè pe ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn.

"Ta ló máa jẹ́rìí?" Onídìrí bi í. Lọ́yà bẹ̀rẹ̀ sí í ká aṣọ dúdú rẹ̀.

Bàbá fà á lọ́wọ́. "Kí ni ọkùnrin orí àga yẹn ń sọ?"

"Ó ní ká máa lọ sílé, bàbá mi."

"Ó ṣe dáadáa. Ọmọlúàbí ni."

Bọ́ọ̀sì tó gbé wọn gba orí títì ńlá náà kọjá. Onídìrí gbójú sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, bàbá ń tòògbé. Nígbà tí wọ́n dé ẹnu ọ̀nà ṣọ́ọ̀bù, bàbá dúró.

"Ilé ta nìyí?"

"Tèmi ni, bàbá mi."

"Ó dáa. Ká kàn yà kí wọn. Ṣùgbọ́n ká má pẹ́ o, mi ò fẹ́ kí ilẹ̀ ṣú ká tó délé."

Onídìrí mú un wọlé, ó jókòó tì í lórí bẹ́ńṣì, ó sì bẹ̀rẹ̀ sí í tú okùn bàtà bàbá.