Ilé Ìsádi Inú Ìwé Mi

Ní ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1980, nígbà tí mo ṣẹ̀ṣẹ̀ ti yunifásítì dé, tí mo rò pé orí mi ni ọgbọ́n ayé parí sí, mo fi ìtàn kan kún ìwé ìkọ̀wé mẹ́rin. Ilé kan ló wà nínú rẹ̀, ní ilẹ̀ kan tí kò sí láyé yìí. Odò tó ń ṣàn gun òkè ló yí i ká. Kìnnìún òkúta méje ń mí lẹ́nu ọ̀nà rẹ̀. Ẹni tí wọ́n bá ń lé, bó bá ti lè fọwọ́ kan òpó ilẹ̀kùn kó sì sọ pé, "Mo sá di ilé yìí," wọ́n á da aṣọ aró bò ó, kò sì sí ọba tó lè fọwọ́ kàn án mọ́. Ilé Ìsádi ni mo pè é. N kì í rántí rẹ̀ kí n má pòṣé.

Yàrá kan ni mo gbà ní Ìjemọ̀, nílé Àlhájà kan tó ń pa aṣọ láró. Mo ń ṣe tíṣà. Ìkòkò aró kún ẹ̀yìnkùlé wa, àwọn mẹ́ta ló sì máa ń wà nídìí wọn: ìyá onílé mi fúnra rẹ̀, ọmọ rẹ̀ obìnrin tó tó ọmọ ọdún méjìlélógún, àti ẹ̀gbọ́n ìyá onílé, obìnrin kúkúrú kan tó ń ti Adigbẹ wá lójoojúmọ́, tí ọwọ́ rẹ̀ méjèèjì dúdú dé ìgbọ̀nwọ́.

Lọ́sàn-án ọjọ́ kan, ọmọ náà ní kí n ka ìtàn mi fún wọn. Mo jókòó lórí àpótí, mo tún ohùn ṣe bí ẹni tó wà lórí rédíò. Nígbà tí mo dé ibi tí wọ́n ti fa aṣọ yọ nínú ìkòkò, tó ń tàn láwọ̀ aró bí ojú sánmà, àwọn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta bú sẹ́rìn-ín.

"Bùọ̀dá," ni ọmọ náà wí, "ọdún kan lẹ ti ń gbé ilé yìí! Aṣọ kì í ti inú ìkòkò jáde báyẹn. Bí ewé ni àwọ̀ rẹ̀ máa ń rí. Tí atẹ́gùn bá fẹ́ sí i ló tó ń yí padà di àwọ̀ aró."

Ẹ̀gbọ́n ìyá onílé kò tíì ṣe tán. "Tíṣà, nínú ilé yín yẹn, ta ló ń pọn omi?"

"Omi ń wọlé fúnra rẹ̀, Màmá."

"Oúnjẹ ńkọ́?"

"Igi kan wà tó ń so ó."

"Háà! Ta wá ló ń gbá ewé igi ọ̀hún?"

Mo kó ìwé mi, mo wọlé lọ. Kí ni aláró mọ̀ nípa lítíréṣọ̀? Bí mo ṣe wí lọ́kàn mi nìyẹn, èmi tí n kò tíì gbálẹ̀ yàrá mi láti ọjọ́ mẹ́ta.

Ọmọ náà tẹ̀ lé mi dé ẹnu ọ̀nà. "Bùọ̀dá, ṣé ẹnikẹ́ni ni wọ́n ń gbà síbẹ̀?"

"Ẹnikẹ́ni."

"Wọn kì í bèèrè ohun tó ṣe?"

"Rárá o."

Ó mi orí, ó padà sídìí aṣọ rẹ̀. N kò mọ̀ nígbà náà pé àwọn ẹbí bàbá rẹ̀ ti fi í fún oníṣòwò kan tó ju ìyá rẹ̀ lọ lọ́jọ́ orí. Òun kò fẹ́ ẹ. Ìkòkò aró tirẹ̀ ló fẹ́.

Ní ọjọ́ Jímọ̀ọ̀ tó ṣáájú ọjọ́ Àìkú tí wọ́n fẹ́ so yìgì, gbogbo ilé ti lọ kírun. Mo gbọ́ tí ẹnì kan ń kanlẹ̀kùn yàrá mi. Ọmọ náà ló dúró níbẹ̀, báàgì lọ́wọ́ kan, ọwọ́ kejì lórí òpó ilẹ̀kùn mi.

"Mo sá di ilé yìí," ló wí. Kò rẹ́rìn-ín.

Mo mọ ọ̀rọ̀ náà. Èmi ni mo ṣẹ̀dá rẹ̀.

"Ẹ jẹ́ kí n dúró síbí títí wọ́n á fi dé," ló wí, "kí ẹ wá bá mi bá Màmá sọ̀rọ̀. Wọ́n máa ń gbọ́ tiyín."

Mo dí ẹnu ọ̀nà. Mo ronú kan yàrá mi, mo ronú kan iṣẹ́ mi àti ohun tí àwọn ará Ìjemọ̀ máa sọ tí wọ́n bá bá a ní yàrá mi. "Ìtàn lásán ni," ni mo wí. "Ṣé o mọ̀ pé ìtàn lásán ni?"

Ó wo ìwé mẹ́rẹ̀ẹ̀rin lórí tábìlì mi. "Ẹ kú ìwé kíkọ o, Bùọ̀dá." Ó gbé báàgì rẹ̀, ó lọ.

Ṣé ẹ mọ ohun tí mo ṣe? Mo padà sídìí tábìlì. Ọ̀sán ọjọ́ yẹn gan-an ni mo kọ ojú ewé méjì lórí irun ọrùn àwọn kìnnìún mi.

Lọ́jọ́ Àìkú, àlejò dé, ìyàwó kò sí. Ẹ̀gbọ́n ìyá onílé dúró láàárín ilé, ó ní, "Ọ̀dọ̀ mi lọmọ wà. Ẹni tó bá ń wá a, kó wá bá mi nílé." Wọ́n mọ ẹnu rẹ̀. Kò sẹ́ni tó lọ.

Oṣù bíi mélòó kan lẹ́yìn náà, mo lọ sí Adigbẹ láti tọrọ àforíjì, mo sì tún kó ìwé mi dání, òmùgọ̀ ni mí. Ilé alámọ̀ oníyàrá méjì ni. Páànù tí wọ́n fi wáyà so ni ilẹ̀kùn rẹ̀. Ọmọ náà ń fa aṣọ yọ nínú ìkòkò tirẹ̀, aṣọ náà rí bí ewé. Mo fẹ́ sún mọ́ ọn.

"Ẹ sún sẹ́yìn, Bùọ̀dá," ló wí, "kó má ta sí yín láṣọ."

Mo dúró lọ́ọ̀ọ́kán títí aṣọ náà fi yí padà lójú mi. Mo wá bi ẹ̀gbọ́n ìyá onílé léèrè ohun tí ọmọ náà sọ nígbà tó dé ẹnu ọ̀nà wọn lọ́jọ́ Jímọ̀ọ̀ yẹn.

"Kí ló fẹ́ sọ? Mo bi í bóyá ó ti jẹun."

Ìwé mẹ́rẹ̀ẹ̀rin ṣì wà lọ́wọ́ mi. Mo ti yẹ̀ wọ́n wò láti ìbẹ̀rẹ̀ dópin. Kò sí ẹnì kankan níbẹ̀ tó bi ẹnikẹ́ni bẹ́ẹ̀.