Sílíńdà Tí Ọkọ Mi Kò Padà Lọ Gbé

A kò tíì pẹ́ tí a ti Èkìtì dé, níbi tí a ti lọ sin ọkọ mi, nígbà tí fóònù rẹ̀ dún lórí tábìlì oúnjẹ. Ọkùnrin tó ń bá a rọ gáàsì ní Jikpan, ní Minna níbí, ló ń pè. Ó fi Haúsá sọ pé sílíńdà ti ṣetán, kí ọkọ mi máa bọ̀ wá gbé e. Mo ní mo gbọ́. N kò lè sọ ìyókù fún un.

Bíà ni ọkọ mi ń fi gáàsì náà mu nílé. Iléeṣẹ́ ọtí ẹlẹ́rìndòdò ló ti fẹ̀yìn tì, ọwọ́ rẹ̀ kì í sì í dilẹ̀. Ó gbé fìríìsà àtijọ́ kan sí ọ̀dẹ̀dẹ̀ ẹ̀yìn ilé wa ní Dutsen Kura, ó lu ihò sí i lára, ó sì fi ẹnu ẹ̀rọ omi sójú ihò náà kí bíà lè máa gba ibẹ̀ jáde. Agbá bíà wà nínú rẹ̀, sílíńdà kékeré wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ agbá. Gáàsì inú sílíńdà ló ń ti bíà jáde, tó sì ń jẹ́ kó máa hó. Kì í ṣe gáàsì ìdáná o. Irú èyí tí wọ́n ń rọ sínú ohun èlò ìpaná ni, àwọn tó ń rọ ọ́ ní Minna kò sì pọ̀.

Èmi kì í mu ọtí, ṣùgbọ́n èmi ni mo ní kó máa mu tirẹ̀ nílé, torí mo fẹ́ máa rí i nírọ̀lẹ́. Bó bá bu ife kan, á pè mí kí n wá wo bí ó ṣe hó. Èmi á lọ wò ó, inú rẹ̀ á sì dùn bí ọmọdé.

Lọ́jọ́ tó gbé sílíńdà lọ, ara rẹ̀ dá ṣáká. Ó dé, ó ní wọ́n ní kí òun padà wá, ó jẹun, ó ní òun fẹ́ sùn díẹ̀. Nígbà tí mo lọ jí i pé oòrùn ti ń wọ̀, ọwọ́ rẹ̀ ti tutù. Dókítà ní ẹ̀jẹ̀ ríru ni.

Mo wọ kẹ̀kẹ́ lọ sí Jikpan. Haúsá ọjà ni tèmi, mo sì ń to ohun tí n ó sọ jọ lọ́nà. Àfi bí mo ṣe yà dé ẹnu ṣọ́ọ̀bù tí mo gbọ́ tí ọkùnrin náà ń sọ Yorùbá Ìlọrin lórí fóònù. Mo júwe ara mi fún un. Ó dìde.

"Ẹ káàbọ̀, Màmá. Ẹ̀gbọ́n ńkọ́?"

"Ẹ̀gbọ́n yín ti kú."

Ó jókòó padà. Ó ṣe Ìnnà lílláhì. Ó sọ fún mi pé ẹnu sílíńdà ló ń jò lọ́jọ́ náà, tí òun fi ní kí ọkọ mi fi í sílẹ̀. Ọkọ mi kò bínú. Ó tiẹ̀ dúró títí òun fi kírun tán, àwọn sì jọ tàkúrọ̀sọ.

"Ó máa ń sọ fún mi pé mínírà lòun ń fi í ṣe," ló wí. "Mo mọ̀ pé bíà ni. Òórùn rẹ̀ wà lára rọ́bà rẹ̀. Torí ó bọ̀wọ̀ fún mi ló ṣe purọ́, èmi náà sì bọ̀wọ̀ fún un, mi ò já a nírọ́."

Ibẹ̀ ni omi ti bọ́ lójú mi. Ní Èkìtì, àlejò ni mo ń kí, gbogbo wọn sì ń ní kí n mọ́kàn le. Ọkùnrin yìí kò ní kí n mọ́kàn le. Ó fún mi ní omi inú búútà àlùwàlá rẹ̀ kí n fi bọ́jú, ó sì gbé sílíńdà náà sínú kẹ̀kẹ́ fún mi fúnra rẹ̀.

Nígbà tí mo délé, mo so rọ́bà mọ́ ọn bí mo ṣe máa ń rí i tí ọkọ mi ń so ó, mo sì ṣí i. Mo bu ife kan. Mo gbé e sórí àga rẹ̀, mo jókòó sílẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ àga náà.

Ọmọbìnrin wa kan ṣoṣo pè mí láti Abuja. Minna ni a bí i sí, Haúsá yọ̀ mọ́ ọn lẹ́nu ju Yorùbá lọ. Òun ló ń sáré sókè sódò níbi ìsìnkú, kò ráyè sunkún. Ó bi mí pé kí ni mò ń ṣe.

"Mo bu bíà dádì rẹ."

"Ẹ fẹ́ mu ún ni?"

"Rárá. Mo kàn bu ún ni."

Ló bá bú sẹ́kún, ó sì ń rojọ́ lédè Haúsá, èdè tí òun àti bàbá rẹ̀ fi máa ń bá ara wọn ṣeré. N kò ní ọ̀rọ̀ tó tó láti fi rẹ̀ ẹ́ lẹ́kún lédè náà. Mo bá ń dá a lóhùn ní Yorùbá, pé mo gbọ́, pé mo wà níbí.