Èmi Ni Mo Ṣe Ìyá Ọ̀gá Nínú Eré

Aránṣọ ni mí, n kì í ṣe òṣèré. Aṣọ eré ni mo ń rán fún ẹgbẹ́ Ọ̀gá wa, ní ṣọ́ọ̀bù mi ní Ìbarà, ní bí ọdún mélòó kan lẹ́yìn 1980, nígbà tí eré tẹlifíṣàn ṣẹ̀ṣẹ̀ ń gbilẹ̀ ní Abẹ́òkúta. Ọ̀gá ti bá àwọn eléré rìn káàkiri nínú ọkọ̀ akẹ́rù kó tó dá ẹgbẹ́ tirẹ̀ sílẹ̀. Òun ló ń kọ eré, òun ló ń darí rẹ̀, òun náà ló ń ṣe ẹni tó ṣe pàtàkì jù níbẹ̀. A máa ń fi í ṣe yẹ̀yẹ́ pé bí àyè bá gbà á, yóò dúró sídìí kámẹ́rà, yóò máa ya ara rẹ̀.

Ìyá rẹ̀, Alhaja kan tó ń ta aṣọ ní Ìjemọ̀, kò rí ẹ̀rín kankan níbẹ̀. Ó fẹ́ kó gba ìsọ̀ aṣọ lọ́wọ́ òun, ọmọ ní eré lòun yóò ṣe. Alhaja ní òun kò bí alágbe, kó má fẹsẹ̀ kan ilé òun mọ́. Àwọn àgbà ìdílé bẹ̀ ẹ́ títí, kò gbà. Ṣùgbọ́n ọ̀nà kan kò wọ ọjà. Ọ̀gá kọ ẹ̀bẹ̀ náà sínú eré: ọmọ kan dọ̀bálẹ̀ níwájú ìyá rẹ̀, ó ń tọrọ àforíjì. Ó mọ̀ pé bí Alhaja ti ń bú àwọn òṣèré tó, kì í jẹ́ kí eré tẹlifíṣàn kankan kọjá òun.

Ọjọ́ kan ṣoṣo ni ilé iṣẹ́ tẹlifíṣàn fún wa láti ya eré náà. Àárọ̀ ọjọ́ yẹn ni ibà gbé obìnrin tó fẹ́ ṣe ìyá dè. Ọ̀gá wò yíká, ojú rẹ̀ bá mi níbi tí mo ti ń gán etí aṣọ.

"Ìwọ ni wàá ṣe ìyá mi."

"Ọ̀gá, ẹ jọ̀ọ́, ẹ̀yin lẹ jù mí lọ."

"Wọ́n máa da pọ́dà sí ẹ lórí kó dà bí ewú. Jókòó."

Mo jókòó. Iṣẹ́ mi kò ju kí n gbójú sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, kí n má fọhùn. Ọ̀gá wọlé, ó dọ̀bálẹ̀ gbalaja, èmi náà sì bá ara mi lórí ìkúnlẹ̀. Bí àgbà bá wà nílẹ̀, ṣé orí àga ni ọmọ tí wọ́n kọ́ nílé máa wà? A tún un ṣe, mo tún kúnlẹ̀. Nígbà tí mo ṣe é lẹ́ẹ̀kẹta, àwọn tó wà nídìí kámẹ́rà ti ń fọwọ́ bo ẹnu. Ọ̀gá kò rẹ́rìn-ín. Ó ní kí wọ́n wá okùn wá, ó sì so ìró mi mọ́ ẹsẹ̀ àga bí ẹni so ewúrẹ́. Inú bí mi, n kò ní purọ́.

Okùn yẹn ló dá mi dúró. Ọ̀gá dọ̀bálẹ̀, ó bẹ̀rẹ̀ sí í bẹ ìyá rẹ̀, àmọ́ ohùn rẹ̀ kì í ṣe ohùn eré mọ́. Omijé ń kán sórí símẹ́ǹtì. Àánú rẹ̀ ṣe mí gidigidi, ohun tí kò sí nínú eré sì jáde lẹ́nu mi: "Dìde, ọmọ mi." Mo rò pé yóò ní ká tún un ṣe. Ó fi í sílẹ̀ bẹ́ẹ̀.

Lọ́jọ́ kejì ọjọ́ tí wọ́n fi eré náà hàn lórí tẹlifíṣàn, Alhaja wọ ṣọ́ọ̀bù mi. Mo kúnlẹ̀, mo kí i.

"Ìwọ lo ṣe ìyá ọmọ mi?"

"Èmi ni, mà."

"Ta ló ní kó o dá a dìde? Ṣé èmi ti ní kó dìde ni?"

Alhaja tún ìborùn rẹ̀ ṣe. "Sọ fún un kó wá síbi tí ìyá rẹ̀ wà. Kí ìwọ náà tẹ̀ lé e."

A dé Ìjemọ̀ lọ́sàn-án ọjọ́ náà. Ọ̀gá dọ̀bálẹ̀. Alhaja gbójú sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, gẹ́lẹ́ bí mo ṣe ṣe é, ó sì jẹ́ kó pẹ́ nílẹ̀ ju ti inú eré lọ. Èmi wà lórí ìkúnlẹ̀ lẹ́yìn Ọ̀gá, kò sì sẹ́ni tó wá okùn. Alhaja wá yíjú sí mi.

"Ṣé ò ń wò mí?"

"Mò ń wò yín, mà."

Ó na ọwọ́, ó fi kan ọmọ rẹ̀ léjìká. "Báyìí ni wọ́n ṣe ń sọ ọ́. Dìde, ọmọ mi."