Ibi Tí Wọ́n Ri Ìwọ́ Mi Sí

Kùmásí ni wọ́n bí mi sí, àmọ́ ọmọ Ẹ̀gbá ni bàbá mi. Nígbà tí wọ́n kú, mo kó ẹrù mi wá sí agboolé wọn l'Abẹ́òkúta, mo sì wọ yàrá tí wọ́n fi sílẹ̀. Ọdún tí ìjọba ń lé àwọn ará Gánà ni mo dé sí. "Ọmọ Gánà" ni gbogbo ilé ń pè mí, títí kan àwọn tí imú tèmi àti tiwọn jọra. Mo kórìíra wọn, n ò sì fi pamọ́.

Iṣẹ́ tí mò ń ṣe tún ń bí wọn nínú. Mo máa ń rán fọ́tò àwọn òbí mi mọ́ àdìrẹ, màá fi kọ́ sára ògiri, màá wá gbé rẹ́díò oníkásẹ́ẹ̀tì sẹ́yìn rẹ̀ kí ohùn èèyàn tí mo ti gbà sílẹ̀ máa jáde látinú aṣọ. Olórí ẹbí ní aṣọ tó ń sọ̀rọ̀ ò dáa nílé onílé. Ilé bàbá mi ni wọ́n ń pè bẹ́ẹ̀.

Ẹ̀gbọ́n bàbá mi obìnrin nìkan ló ń jẹ́ kí n jókòó ti àwọn. Aláró ni wọ́n. Níjọ́ kan tí wọ́n ń fi ìyẹ́ adìẹ ya ẹ̀kọ láfún sára aṣọ kí aró má bàa mú ibẹ̀, mo tẹ rẹ́díò mi kó máa gba ohùn wọn sílẹ̀, wọ́n sì ń ròyìn lọ. Wọ́n ní bàbá mi ló di ìwọ́ mi sínú òwú láti Kùmásí wá sílé; àwọn fúnra wọn ló rì í sídìí igi orógbó, lẹ́gbẹ̀ẹ́ ìkòkò aró. Tẹ̀rín-tẹ̀rín ni wọ́n fi sọ ọ́.

Kò pẹ́ tí ọmọkùnrin ẹ̀gbọ́n bàbá mi yìí fẹ́ gbéyàwó, yàrá mi ló sì wọ̀ ọ́ lójú. Ni wọ́n bá pèpàdé ẹbí.

"Níbo ni wọ́n ri ìwọ́ rẹ sí?" Olórí ẹbí ló bi mí.

Ibi tí a bá ri ìwọ́ ọmọ sí ni ilé rẹ̀. Mo kọjú sí ẹ̀gbọ́n bàbá mi.

"Ẹ bi wọ́n, Bàbá. Wọ́n mọ̀ ọ́n."

Wọ́n tẹjú mọ́ ọwọ́ wọn tí aró ti sọ dúdú. "N ò rántí nǹkan kan."

Wọ́n ní ẹyin lọ̀rọ̀, àmọ́ ti ẹ̀gbọ́n bàbá mi ò tíì fọ́. Ó wà nínú kásẹ́ẹ̀tì. Mo gbé rẹ́díò jáde, mo tẹ̀ ẹ́. Ohùn wọn gba gbogbo ọ̀dẹ̀dẹ̀, tòun ti ẹ̀rín yẹn. Nígbà tó kan igi orógbó, ojú olórí ẹbí yí padà, torí àwọn ló gé igi náà tí wọ́n kọ́ ṣọ́ọ̀bù síbẹ̀.

"Igi yẹn ò sí mọ́."

"Ìwọ́ mi ṣì wà níbẹ̀, Bàbá. Ṣọ́ọ̀bù yín ló jókòó lé e. Tẹ́ ẹ bá fẹ́ kí n lọ, ẹ wó o, kẹ́ ẹ hú u fún mi kí n máa gbé e lọ."

Wọ́n fi yàrá sílẹ̀ fún mi.

Láàárọ̀ ọjọ́ kejì, ẹ̀gbọ́n bàbá mi dúró sẹ́nu ọ̀nà mi, wọ́n ń fi oríkì ilé wa kí mi fún ìgbà àkọ́kọ́ látìgbà tí mo ti dé. Mo wà nínú ilé. Mo tẹ rẹ́díò mi, mo gba ohùn wọn sílẹ̀ títí wọ́n fi kì í tán.