Fèrèsé Ojú Òkú

Kavugho, ìyá eléèédú ní ìlú Butembo, kò gbà pé àìsàn ni Ẹ̀bólà. Òwò ni, lójú tiẹ̀. Àwọn òṣìṣẹ́ ìlera tó ń wọ mọ́tò funfun kiri ló gbé e wá. Kí wọ́n tó dé, ta ló gbọ́ orúkọ ẹ̀ rí? Oníbàárà tó bá fẹsẹ̀ dúró díẹ̀, ó máa sọ fún un pé ẹ̀yà ara òkú ni wọ́n ń kó lọ tà, igi ọ̀gẹ̀dẹ̀ ni wọ́n sì ń dì sínú àpò tí wọ́n ń sin.

Irú ọ̀rọ̀ yìí pọ̀ nígboro débi pé àwọn tó ń sin òkú pààrọ̀ àpò. Wọ́n ṣe fèrèsé ọ̀rá tó mọ́ gaara síbi ojú, kí ẹbí lè rí èèyàn wọn.

Àfi bí Ẹ̀bólà ṣe pa Mumbere, àbúrò Kavugho. Àwọn tó ń sin òkú gbé e dé ẹnu ọ̀nà ẹ̀gbọ́n ẹ̀ kí wọ́n tó lọ sin ín. Kavugho bẹ̀rẹ̀, ó wo ojú náà títí. Ó rí àpá ọgbẹ́ tí Mumbere gbà lọ́jọ́ tí kẹ̀kẹ́ onígi tó fi ń kẹ́rù já mọ́ ọn lọ́wọ́ lórí òkè. Omi dà lójú Kavugho.

"Ẹ pẹ̀lẹ́, Màmá," ọ̀kan nínú àwọn tó gbé òkú sọ. "Ṣé ẹ ti rí i pé òun ni?"

"Òun ni." Kavugho fi etí ìró nu ojú. "Ṣùgbọ́n kí ló dé tí fèrèsé yín ò gùn dé ikùn?"