Eruku Sìmẹ́ńtì Lórí Ewé Tẹ̀tẹ̀

Àwọn bíríkìlà ń po sìmẹ́ńtì lẹ́gbẹ̀ẹ́ ilé mi láàárọ̀ yìí, òórùn rẹ̀ sì gba ojú fèrèsé wọlé. Ẹ̀yin ọmọ ìsinsìnyí lè ní òórùn ilé tuntun ni. Ní tèmi, oko tẹ̀tẹ̀ Màámi ni mo rántí, àti Efe, ọ̀rẹ́ mi.

Ajégúnlẹ̀ là ń gbé, láyé ìjọba ológun, mo jẹ́ ọmọ ọdún mọ́kànlá. Ilẹ̀ ṣófo kan wà lẹ́yìn ilé ìkẹ́rù sìmẹ́ńtì kan ní Creek Road. Ibẹ̀ ni Màámi àti Mama Efe, aládùúgbò wa tó wá láti Wàrí, ti ń gbin ẹ̀fọ́. Ebè tiwa fara ti ògiri ilé ìkẹ́rù náà, tiwọn jìnnà sí i díẹ̀. Yàrá wa àti tiwọn kọjú síra. Inú àwo kan lèmi àti Efe ti ń jẹun, ìyá rẹ̀ a sì máa pè mí ní "my second pikin."

Lọ́dún yẹn, ọyẹ́ dé, tẹ̀tẹ̀ wa bẹ̀rẹ̀ sí í rọ, kò dàgbà mọ́. Ti Mama Efe ń tutù yọ̀yọ̀. Màámi ní àwọn rí Mama Efe lórí ebè wa lówùúrọ̀ ọjọ́ kan pẹ̀lú kẹ́ẹ̀gì lọ́wọ́, pé omi iyọ̀ ni wọ́n dà síbẹ̀. Àwọn méjèèjì ò kí ara wọn mọ́. Wọ́n ní kí èmi àti Efe náà má bá ara wa sọ̀rọ̀. Bí a bá pàdé lẹ́nu ẹ̀rọ omi, ilẹ̀ là ń wò.

Ọ̀sẹ̀ yẹn gan-an ni tíṣà wa, obìnrin tẹ́ẹ́rẹ́ kan tí ń ya àwòrán ojú pátákó bí ẹni ń kọ lẹ́tà sí olólùfẹ́, kọ́ wa bí ewé ṣe ń dáná. Ó ní gbòǹgbò ló ń pọn omi, ewé ń fi ihò tíntìntín tó wà lára rẹ̀ gba afẹ́fẹ́ tí à ń mí síta, oòrùn sì ni iná ìdáná. Àwọ̀ ewé yẹn ló ń gba ìmọ́lẹ̀ mú. Oúnjẹ tó jinná, irú ṣúgà kan ni. Afẹ́fẹ́ rere tó ń tú jáde níbi ìdáná náà, òun là ń mí sínú.

"Bí ewé bá kọ̀ tí kò dáná mọ́," ó wò wá yíká, "ebi á pa ẹran, ebi á pa ẹ̀yin náà."

Mo rántí eruku funfun tó ń ti ilé ìkẹ́rù sìmẹ́ńtì fẹ́ wá bo tẹ̀tẹ̀ wa. Báwo ni oòrùn ṣe fẹ́ ráyè wọlé? Mo fẹ́ sọ fún Màámi, ẹ̀rù bà mí. Ta lèmi, tí màá sọ pé àgbà ṣì í rò? Ṣe ni mò ń fi àkísà tútù nu ewé ìdí tẹ̀tẹ̀ márùn-ún láràárọ̀ kí n tó lọ sílé ìwé. Odidi ọjọ́ mẹ́sàn-án ni mo fi dákẹ́.

Láàárọ̀ Sátidé, Màámi mú àdá. Wọ́n forí lé oko. Mo sáré tẹ̀lé wọn dé ebè Mama Efe, níbi tí ìyá àti ọmọ ti ń bomi rin ẹ̀fọ́. Mama Efe na ọwọ́ méjèèjì bo ẹ̀fọ́ wọn.

"I no spoil your leaf o! Na water I carry go give am that day!"

Efe di ìró ìyá rẹ̀ mú, ó ń sunkún. Àdá ti lọ sókè.

Mo kígbe, "Màámi, ẹ jọ̀ọ́, ẹ wá wo èyí ná!"

Mo fà wọ́n lọ́wọ́ dé ìdí márùn-ún yẹn. Ewé wọn ti dúdú, wọ́n ti yọ ọ̀mùnú tuntun. Àwọn tó kù funfun bí ẹni yí nínú láfún. Màámi fi ìka nu ewé kan. Wọ́n wo ìka náà, wọ́n wo ògiri sìmẹ́ńtì. Àdá bọ́ sílẹ̀. Wọ́n kúnlẹ̀ sínú oko níbẹ̀.

"Mama Efe, ẹ má bínú. Mo ṣẹ̀ yín."

Mama Efe kẹ̀yìn sí wọn. Wọ́n mú ọmọ wọn lọ́wọ́, wọ́n lọ. Kí òjò tó dé, wọ́n ti kó lọ sí apá Kirikiri. N kò rí Efe mọ́ láti ìgbà náà.

Kọ̀ǹténà ló kún orí ilẹ̀ yẹn báyìí, kò síbi tí ẹ̀fọ́ lè hù. Àwọn ọmọ-ọmọ mi ń pe iṣẹ́ ewé lédè Gẹ̀ẹ́sì, ó ń dún lẹ́nu wọn bí orúkọ oògùn. Ewé ò tíì kọ iṣẹ́ rẹ̀ sílẹ̀. Àní koríko tó yọ láàárín kọnkéré ń dáná lójoojúmọ́, gbogbo wa là ń jẹ níbẹ̀, tí a sì ń mí níbẹ̀, ẹni tó ṣẹ̀ àti ẹni tí wọ́n ṣẹ̀. Ohun tí mo mọ̀ lọ́jọ́ kìíní, ọjọ́ kẹwàá ni mo sọ ọ́. Ó gba ẹ̀fọ́ là. Ká ní mo tètè sọ̀rọ̀ ni, bóyá èmi àti Efe ì bá jọ darúgbó.